Obìnrin Tí Ó Dá Ẹgbẹ́ Tirẹ̀ Sílẹ̀

Nínú gbogbo oyè tí àwọn ẹgbẹ́ òṣèlú ilẹ̀ wa ń pín, n kò tíì rí èyí tí ó dùn ún gbọ́ létí tí inú rẹ̀ sì ṣófo bí "olórí obìnrin". Kò sí ẹgbẹ́ tí kò ní in, láti wọ́ọ̀dù títí dé Àbújá. Ní Àgọ́-Àrẹ níhìn-ín, bí ọdún ìdìbò bá ti ń súnmọ́ tòsí, òun ni yóò máa ti agboolé kan bọ́ sí òmíràn, tí yóò kó àwọn oníṣòwò èlùbọ́ jọ, tí yóò pín aṣọ ẹgbẹ́, tí yóò sì rí i pé ìrẹsì jinná kí àwọn àlejò tó ti Ìbàdàn dé. Ṣùgbọ́n nígbà tí àwọn àgbààgbà ẹgbẹ́ bá wọ yàrá lọ láti fẹnu kò lórí ẹni tí wọn yóò fà kalẹ̀, ìta ni ẹ ó ti bá a. Àwọn obìnrin ni ó ń darí, kì í darí ẹgbẹ́.

Kí ẹnikẹ́ni má sì sọ fún mi pé bí àṣà wa ṣe rí nìyẹn. Ìyálóde kì í jókòó síta. Ẹfúnṣetán Aníwúrà ní ohùn nínú ìgbìmọ̀ àwọn ìjòyè Ìbàdàn, ó ní oko, ó ní ẹrú, ó ní ohun ìjà tirẹ̀. Tinúubú ní Abẹ́òkúta kì í ṣe ẹni tí ọkùnrin ń fi ojú di. A lè bá wọn wí lórí ohun púpọ̀, òwò ẹrú sì ni àkọ́kọ́ nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí ó lè sọ pé ìrẹsì ni wọ́n ń sè nígbà tí ìgbìmọ̀ ń jókòó. Ohun tí ẹgbẹ́ òṣèlú ń fún àwọn obìnrin wa lónìí kò jọ ti Ìyálóde rárá.

Ọ̀rọ̀ yìí ni ó mú mi rántí obìnrin kan ní ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀. Bẹ̀nẹ̀ tí mò ń wí kì í ṣe Ìbíní ti àwọn Ẹdó o, ilẹ̀ Kútọnu ni. Kò jìnnà sí wa. Ẹni tí ó bá gba Ṣakí kọjá sí apá ìwọ̀-oòrùn kò ní pẹ́ kan ẹnubodè. Àwọn ọmọ ibẹ̀ ń wá gba iṣẹ́ oko lọ́dọ̀ wa lásìkò ebè kíkọ àti ìkórè, àwọn mìíràn nínú wọn sì ń sọ Yorùbá tiwọn, ti Ìdáàṣà tàbí ti Ṣábẹ̀ẹ́, èyí tí ó máa ń dùn mọ́ wa bí a kò tilẹ̀ gbọ́ gbogbo rẹ̀ tán. Síbẹ̀, ohun tí a mọ̀ nípa òṣèlú Amẹ́ríkà ju ohun tí a mọ̀ nípa tiwọn lọ fíìfíì. Bí mo bá bi mẹ́wàá nínú àwọn ọ̀rẹ́ mi pé ta ni Rosine Soglo, ẹni tí ó bá gbìyànjú jù yóò ní ìyàwó ààrẹ kan ni. Òótọ́ ni, ìyàwó ààrẹ ni. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ ìyókù.

Rosine Vieyra ni orúkọ rẹ̀ ní ilé bàbá rẹ̀. Ọjọ́ 7 oṣù Kẹta ọdún 1934 ni wọ́n bí i sí ìlú Ouidah. Àgùdà ni ìdílé Vieyra, irú ìdílé tí a ń bá pàdé ní Pópó Àgùdà l'Ékòó, tí orúkọ Brazil ṣì wà lára wọn. Ó lọ kọ́ ìmọ̀ òfin ní Paris, ó sì kọ́ iṣẹ́ tí àwọn elédè Faransé ń pè ní huissier, ìyẹn oṣìṣẹ́ òfin tí ó ń fi ìwé ìpẹ̀jọ́ jíṣẹ́ tí ó sì ń rí i pé ìdájọ́ ilé-ẹjọ́ ṣẹ. Mo fẹ́ràn láti máa rántí irú iṣẹ́ òfin tí ó kọ́ yìí. Ọ̀rọ̀ ẹnu ni a fi ń mọ lọ́yà. Huissier kò nílò ẹnu dídùn, ìwé tí ó mú lọ́wọ́ ni ó fi ń wọlé onílé, bí orúkọ àti òǹtẹ̀ bá sì ti pé lára ìwé náà, onílé kò ní ohun tí yóò sọ. Ní 1958 ni ó fẹ́ Nicéphore Soglo, ọ̀mọ̀wé nípa ìṣúná tí ó padà di òṣìṣẹ́ àgbà ní Báǹkì Àgbáyé.

Ní ọjọ́ 26 oṣù Kẹwàá 1972, ọ̀gágun Mathieu Kérékou gba ìjọba. Ọdún méjì lẹ́yìn náà, ní Àgbómẹ̀, ó kéde pé ìlànà Marx àti Lenin ni orílẹ̀-èdè yóò máa tọ̀. Ní ọjọ́ 30 oṣù Kọkànlá 1975, ó pa orúkọ Dahomey rẹ́, ó sì sọ ilẹ̀ náà di Bẹ̀nẹ̀. Ẹgbẹ́ òṣèlú kan ṣoṣo ni òfin gbà láàyè, PRPB, ẹgbẹ́ ìjọba. Ohun tí ó ń pa mí lẹ́rìn-ín níbẹ̀ nìyí: ẹgbẹ́ tí ó ní òun wá dá gbogbo ẹni tí a ń ni lára nídè, tí ó ní obìnrin àti ọkùnrin ti di ọgbọọgba, kí ni ó ṣe fún àwọn obìnrin? Ó dá ẹ̀ka kan sílẹ̀ fún wọn, Ẹgbẹ́ Àwọn Obìnrin Ajìjàgbara Bẹ̀nẹ̀. Wọ́n ń yan bí ológun lọ́jọ́ àjọ̀dún, wọ́n ń pàtẹ́wọ́ fún aṣáájú. Bí àwọn kọ́múníìsì ti ń ṣe é ní Kútọnu, bẹ́ẹ̀ náà ni àwọn tí ó kórìíra kọ́múníìsì bí ẹni kórìíra ejò ń ṣe é ní Nàìjíríà. Lórí ọ̀rọ̀ olórí obìnrin, ẹnu wọn kò.

Nígbà tí yóò fi di ìparí àwọn ọdún 1980, àwọn báǹkì ti dojú dé, ọ̀pọ̀ oṣù ni olùkọ́ àti òṣìṣẹ́ ìjọba kò fi gba owó, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sì kún ojú pópó. Ní oṣù Kejìlá 1989 Kérékou fi ẹnu ara rẹ̀ kéde pé àwọn ti kọ ìlànà Marx sílẹ̀. Ní oṣù Kejì 1990, wọ́n pe àpérò gbogboògbò ní Kútọnu. Isidore de Souza, bíṣọ́ọ̀bù ìjọ Àgùdà, ni ó darí rẹ̀. Àpérò náà gba agbára lọ́wọ́ Kérékou láìta ìbọn kan, ó sì yan Nicéphore Soglo ṣe olóòtú ìjọba. Ní oṣù Kẹta 1991, àwọn ará ìlú dìbò, Soglo sì fi ìdá méjì nínú mẹ́ta ìbò borí Kérékou. Rosine di ìyàwó ààrẹ.

Kí ni a ń retí kí ìyàwó ààrẹ ṣe? Ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́n. Kí ó wé gèlè tí ó ga, kí ó ṣí ilé ìwòsàn, kí ó fi ọwọ́ kan orí ọmọ aláìlóbìí níwájú kámẹ́rà. Rosine ṣe èyí náà, ó ní ẹgbẹ́ aláàánú kan tí ó pè ní Vidolé. Ṣùgbọ́n ní 1992, ó ṣe ohun tí kò sí nínú ìṣirò ẹnikẹ́ni: ó dá ẹgbẹ́ òṣèlú sílẹ̀. Renaissance du Bénin ni orúkọ rẹ̀, a lè pè é ní Ìsọjí Bẹ̀nẹ̀, RB ni àwọn ènìyàn sì ń pè é. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ wo bí ó ṣe tẹ̀lé ara wọn. Ọkọ rẹ̀ ti wà lórí àlééfà láìní ẹgbẹ́ kan tí ó jẹ́ tirẹ̀, àwọn ẹgbẹ́ kéékèèké tí ó para pọ̀ ni ó gbé e dúró, wọ́n sì lè tú nígbàkígbà. Ìyàwó ni ó kọ́ ilé, ọdún 1994 ni ọkọ tó wọ inú rẹ̀ ní gbangba tí ó sì jókòó sórí àga olórí. Ní ọdún 1992 yẹn kan náà, agbẹjọ́rò obìnrin mìíràn, Hanna Suchocka, di olóòtú ìjọba ní Poland, ilẹ̀ mìíràn tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ bọ́ lọ́wọ́ ìjọba kọ́múníìsì. Ṣùgbọ́n inú ẹgbẹ́ tí ó ti wà nílẹ̀ ni Suchocka ti gòkè.

Ọ̀pọ̀ ará Bẹ̀nẹ̀ kò fẹ́ràn ohun tí Rosine ṣe. Wọ́n ní ìyàwó ti gba ìjọba lọ́wọ́ ọkọ. Wọ́n ní Désiré Vieyra, ọmọ ìyá rẹ̀, wà nínú àwọn mínísítà, wọ́n ní ẹnu rẹ̀ ti mú jù. Ẹnu rẹ̀ mú lóòótọ́, kò sì fi pamọ́. N kò ní sọ pé irọ́ ni gbogbo ẹ̀sùn náà. Ẹni tí ó bá fi ọ̀dẹ̀dẹ̀ ààfin ṣe ilé ẹgbẹ́ kò gbọdọ̀ yà á lẹ́nu bí àwọn ènìyàn bá ní ti ààfin ni. Ṣùgbọ́n ọ̀nà kan wà tí a fi lè mọ̀ bóyá ẹgbẹ́ jẹ́ ti ẹni tí ó dá a tàbí ti ipò ọkọ rẹ̀: kí ipò náà bọ́.

Ipò náà bọ́. Ní 1994 owó sẹ́fà já sí ìdajì, ọjà gbówó lórí, inú sì ń bí àwọn ènìyàn. Nínú ìdìbò ilé aṣòfin ti 1995, RB ni ó gba àga jù lọ, Rosine náà sì wọlé gẹ́gẹ́ bí aṣòfin, ṣùgbọ́n àwọn ẹgbẹ́ tó kù para pọ̀ jù wọ́n lọ. Ní 1996 Kérékou padà wá, ó sì fi ìbò tí ó lé díẹ̀ ní ìdá 52 nínú ọgọ́rùn-ún na Nicéphore. Ẹni tí ó jẹ́ olórí ilé-ẹjọ́ òfin ìpìlẹ̀ tí ó fọwọ́ sí èsì náà, láìka ìkùnsínú ààrẹ tí ó wà lórí oyè sí, obìnrin ni: Elisabeth Pognon. Ìjọba kọ́múníìsì lọ tán, agbára òfin sì bọ́ sí ọwọ́ obìnrin ní apá méjèèjì, ẹni tí wọ́n gba àga lọ́wọ́ ọkọ rẹ̀ àti ẹni tí ó ka ìdájọ́. Lẹ́yìn wọn ni agbẹjọ́rò mìíràn, Marie-Elise Gbèdo, jáde du ipò ààrẹ ní 2001.

Ìyàwó ààrẹ tí ọkọ rẹ̀ bá fìdí rẹmi a máa bá ọkọ lọ sílé. Rosine kò lọ. Ní 1999, nígbà tí kò sí ààfin mọ́, tí kò sí owó ìjọba mọ́, RB gba àga 27 nínú 83, ó ju ti ìgbà tí wọ́n wà lórí oyè lọ. Òun fúnra rẹ̀ jókòó nílé aṣòfin láti 1995 títí di 2019, ọdún mẹ́rìnlélógún gbáko, lábẹ́ ààrẹ mẹ́rin. Ní 2015, nítorí pé òun ni ó dàgbà jù nínú gbogbo wọn, òun ni ó jókòó sórí àga láti ṣí ilé tuntun. Ọmọ ọdún 81 ni.

Ìtàn yìí ni mo sọ fún àbúrò mi, ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá mi. Lọ́yà ni òun náà. Ó ní ọ́fíìsì kékeré kan ní Ṣakí, ẹjọ́ ilẹ̀ àti ẹjọ́ màlúù tí ó jẹ oko ni ó pọ̀ jù lọ́wọ́ rẹ̀. Ní ọdún yìí ó pinnu láti du ipò alága wọ́ọ̀dù nínú ẹgbẹ́ òṣèlú kan tí n kò ní dárúkọ. Mo bá a lọ lọ́jọ́ tí ó lọ sọ fún àwọn àgbà. Ó kúnlẹ̀, wọ́n sì ṣàdúrà fún un dáadáa. Lẹ́yìn àmín, èyí tí ó dàgbà jù ní, "Lọ́yà wa, ọmọ wa ni ọ́. A ti fi orúkọ rẹ sí olórí obìnrin. O kò tilẹ̀ ní san owó fọ́ọ̀mù."

"Ẹ ṣeun, ẹ̀yin bàbá mi," ni ó wí. "Ẹ ó pẹ́ fún wa. Fọ́ọ̀mù alága ni mo wá gbà."

Ẹ̀rín sọ. Kì í ṣe ẹ̀rín ìkà, ẹ̀rín tí a ń rín sí ọmọdé tí ó ní òun fẹ́ gun ẹṣin ọba ni. Wọ́n ní fọ́ọ̀mù kò tíì dé. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni ó padà lọ, ẹ̀ẹ̀mẹta ni fọ́ọ̀mù kò tíì dé, bẹ́ẹ̀ sì ni ẹnìkan ti gba tirẹ̀.

Ẹni tí ó bẹ̀rù jù ni ìyá rẹ̀, ẹ̀gbọ́n bàbá mi. Ọjà èlùbọ́ ni Màámi ń ṣe. Àwọn tí ó ń pín ìsọ̀ lọ́jà kò jìnnà sí àwọn tí ó ń pín fọ́ọ̀mù. "Bí o bá bá wọn jà," ni Màámi wí, "ìwọ yóò padà sí Ṣakí. Èmi ni n ó wà níhìn-ín." N kò mọ èsì tí ẹnikẹ́ni lè fọ̀ sí èyí, nítorí òótọ́ ọ̀rọ̀ ni.

Àbúrò mi náà gbọ́ ìtàn Rosine tán, ó mi orí. "Ẹ̀gbọ́n mi, ìyàwó ààrẹ ni obìnrin yẹn. Ta ni èmi fẹ́?"

Ìbéèrè tí ó yẹ ni. Kò sí bí ìyàwó akọ̀wé kan ní Ouidah ṣe lè dá ẹgbẹ́ tí yóò gba àga 20 ní ọdún mẹ́ta. Níhìn-ín, Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kútì gbìyànjú rẹ̀ láìfẹ́ ààrẹ. NCNC kọ̀ láti fà á kalẹ̀ ní 1959, ó jáde fúnra rẹ̀, lẹ́yìn náà ó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀, Commoners' People's Party. Ẹgbẹ́ náà kò rìn jìnnà. Lónìí ó tilẹ̀ le jù bẹ́ẹ̀ lọ: òfin ilẹ̀ wa ní olú ilé ẹgbẹ́ gbọ́dọ̀ wà ní Àbújá, kí àwọn ìgbìmọ̀ rẹ̀ sì ti ìdá méjì nínú mẹ́ta àwọn ìpínlẹ̀ wá. Lọ́yà kan láti Àgọ́-Àrẹ kò lè fi owó ẹjọ́ màlúù ṣe ìyẹn.

Nítorí náà n kò sọ fún un pé kí ó lọ dá ẹgbẹ́ sílẹ̀. Ohun tí mo rí nínú ìṣe Rosine ni ojú huissier: ó mọ ẹni tí àga jẹ́ tirẹ̀ lórí ìwé. Ní 1992 kò bẹ ẹgbẹ́ kankan kí ó fún òun ní ẹ̀ka obìnrin. Ìwé òfin ní ará ìlú lè dá ẹgbẹ́ sílẹ̀, ará ìlú ni òun, ó parí. Ìwé tiwa náà ń sọ̀rọ̀. Abala 222 nínú òfin ìpìlẹ̀ Nàìjíríà ti 1999 ní ẹgbẹ́ òṣèlú gbọ́dọ̀ ṣí sílẹ̀ fún gbogbo ọmọ orílẹ̀-èdè, ì báà ṣe ọkùnrin, ì báà ṣe obìnrin. Abala 223 ní ìdìbò ni wọn yóò fi yan àwọn aláṣẹ ẹgbẹ́, ó sì gbọ́dọ̀ wáyé lóòrèkóòrè. Kò sí ibi tí ó ti kọ ọ́ pé kí alága ní irùngbọ̀n.

Mo tún sọ èyí tí kò dára fún un, nítorí ìtàn tí a bá yọ egungun rẹ̀ kúrò kì í dúró. RB kò kúrò nínú ilé kan. Ọkọ ṣe olórí rẹ̀, ìyàwó ṣe olórí rẹ̀, Léhady ọmọ wọn sì jogún rẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọlọ́pọlọ pípé ni ó wọ inú ẹgbẹ́ náà tí ó sì bá ẹ̀yìnkùlé jáde nígbà tí ó yé wọn pé àga iwájú kò ní kan àwọn láéláé. Obìnrin tí ó kọ̀ láti jókòó síta ti ilẹ̀kùn mọ́ àwọn mìíràn síta. Nígbà tí ìjọba Patrice Talon yí òfin ẹgbẹ́ òṣèlú padà, ẹgbẹ́ méjì péré, ti ìjọba méjèèjì, ni ó du àga ilé aṣòfin ní oṣù Kẹrin 2019. Ilẹ̀ tí ó lé ẹgbẹ́ kan ṣoṣo lọ ní 1990 tún fẹ́rẹ̀ẹ́ padà síbi tí ó ti kúrò. Báyìí ni àga Rosine fi bọ́. Ó kú ní ọjọ́ 25 oṣù Keje 2021, ní ẹni ọdún 87.

Ní ọdún tí ó kúrò nílé aṣòfin náà ni wọ́n tún òfin ìpìlẹ̀ Bẹ̀nẹ̀ ṣe, tí wọ́n sì ya àga 24 sọ́tọ̀ fún obìnrin nínú 109. Ní 2023 ni àwọn àkọ́kọ́ jókòó sórí rẹ̀. Ní Àbújá, ní ọjọ́ 1 oṣù Kẹta 2022, àwọn aṣòfin wa dá àbá tí ó jọ bẹ́ẹ̀ nù, pẹ̀lú èyí tí ó ní kí ìdá 35 nínú ọgọ́rùn-ún ipò aṣáájú ẹgbẹ́ jẹ́ ti obìnrin. Àwọn obìnrin pàgọ́ sí ẹnu ọ̀nà ilé aṣòfin fún ọjọ́ mélòó kan. Ní tèmi, bí wọ́n bá ní kí n yan ọ̀kan nínú méjèèjì, ti ẹgbẹ́ ni mo máa yan. Ẹni tí ó bá ya àga sọ́tọ̀ fún ọ ṣì ni ó ń kọ orúkọ ẹni tí yóò jókòó níbẹ̀. Alága ẹgbẹ́ ni ó ń kọ orúkọ náà.

Fọ́ọ̀mù dé ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá, lẹ́yìn tí àbúrò mi kọ lẹ́tà sí ẹ̀ka ìpínlẹ̀ tí ó sì tẹ òǹtẹ̀ ọ́fíìsì rẹ̀ sí i. Ènìyàn márùn-ún ni ó gbọ́dọ̀ dúró fún un. Ó rí mẹ́rin. Ní alẹ́ ọjọ́ Àìkú, Màámi ní kí ó ka fọ́ọ̀mù náà fún òun ní Yorùbá láti òkè dé ilẹ̀, ó gbọ́ ọ tán, kò sọ nǹkan kan, ó ní kí ó mú tàdáwà wá. Ọkùnrin méjì ni ó ń bá a du ipò náà. Ọ̀sẹ̀ méjì òní ni ìdìbò.